Kéèkì Ogójì Ènìyàn

Òháyò, Amẹ́ríkà
Ọjọ́ kejìlá oṣù Kẹfà, 1983

Àǹtí mi ọ̀wọ́n,

Àsàláàmù àlékùn. Ẹ kú ilé o, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ, ẹ kú iṣẹ́ aró. Mo kúnlẹ̀ kí yín láti òkèèrè. Ṣé àlàáfíà ni ọkọ yín, Bàbá Sàlàhú, wà? Ṣé eruku ilé iṣẹ́ sìmẹ́ńtì Ewékorò kò tíì dá ikọ́ sí wọn láyà? Ẹ bá mi sọ fún wọn pé mo ń kí wọn.

Ẹ kú ààwẹ̀. Òní ni èmi náà bẹ̀rẹ̀. Èmi nìkan ni mo ń gbà á nínú ilé tí mo wà, oòrùn ibí kì í sì í tètè wọ̀. Mọ́sà ló ń wá sí mi lọ́kàn ṣáá, irú èyí tí Ìyá wa máa ń dín fún ìṣínu, tí ẹ̀yin á máa fi ìwé ìròyìn nu òróró ara rẹ̀, tí èmi á máa jí èyí tó bá fọ́ jẹ.

Lánàá, mo bá àwọn kan lọ sí oko láti já èso kan tí wọ́n ń pè ní sitirọ́bẹ́rì. Àǹtí mi, ẹ ò rí irú rẹ̀ rí. Ilẹ̀ ló ń rá mọ́, abẹ́ ewé ló ń sá pamọ́ sí, àfi kí èèyàn bẹ̀rẹ̀ kó tó rí i. Ó pọ́n bí ata, kò ju orí àtàǹpàkò lọ. Hóró rẹ̀ kò sí nínú, ara ìta ló wà, tó-tò-tó bí èyí tí ẹ máa ń fi ìyẹ́ adìẹ tò sára àdìrẹ ẹlẹ́kọ. Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ tí òórùn rẹ̀ gbá mi nímú, àfi bíi pé mo wà ní ẹ̀yìnkùlé wa ní Òwu, tí gúáfà ń já lu páànù ilé ìwẹ̀, tí Ìyá ń pariwo láti inú ilé pé, "Ta ló ń jù ú yẹn? Ẹ jẹ́ ó pọ́n!"

Kéèkì kan ni wọ́n máa ń fi èso yìí jẹ, ṣọ́ọ̀tì-kéèkì ni wọ́n ń pè é. Ó rọrùn ju kí èèyàn dín mọ́sà lọ, nítorí inú páálí ni wọ́n ti ń po ìyẹ̀fun rẹ̀ tà. Mo ti fi páálí kan rán Ìyáàfin Péjú, ìyàwó akẹ́kọ̀ọ́ ará Ìjàyè kan tó ń padà bọ̀ wálé. Bí ẹ ṣe máa ṣe é nìyí. Ẹ bu ìyẹ̀fun inú páálí náà ife mẹ́rìndínlógún. Ẹ da wàrà ife mẹ́ta àti ààbọ̀ sí i, àti ṣúgà ife kan àti díẹ̀, àti bọ́tà yíyọ́ bákan náà. Ẹ má pò ó bí ẹni ń po ẹ̀kọ. Ẹ kàn rò ó títí yóò fi mọ́ra. Ẹ fi síbí bù ú sórí páànù ní òkìtì-òkìtì, kí ẹ tì í bọ inú ọ́fùnù tó gbóná dáadáa. Kò ní ju ìṣẹ́jú méjìlá lọ tí orí rẹ̀ á fi pọ́n. Kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ ti gé èso, ẹ ti fi ṣúgà sí i kí omi rẹ̀ lè sun jáde. Ẹ wá la kéèkì sí méjì, ẹ kó èso sí àárín, ẹ dé e, kí ẹ da ọ̀rá wàrà tí ẹ ti lù títí tó fi fúyẹ́ bí òwú lé e lórí.

Ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì mi ń lọ dáadáa. Ẹ bá mi fi àdìrẹ kan ránṣẹ́, èyí tí aró ṣì ń rùn lára rẹ̀. Ẹ má fọ̀ ọ́ o.

Èmi ni àbúrò yín,
Bùsírátù

*

Òwu, Abẹ́òkúta
Ọjọ́ kẹrin oṣù Kẹsàn-án, 1983

Bùsírátù Àṣàkẹ́, ọmọ ìyá mi,

Wàláékúmù sàlámù. Gbogbo ilé kí ọ. Bàbá Sàlàhú ní kí n sọ pé ikọ́ kò mú òun, pé ìwọ ni kí o ṣọ́ra fún òtútù.

Páálí rẹ dé, ṣùgbọ́n díẹ̀ ló kù kó di aró. Mo gbé e sílẹ̀ nítòsí ìkòkò, mo lọ kírun. Mọ́níkẹ́ tí a jọ ń rẹ aṣọ kò mọ ìwé kà, o ṣáà mọ̀. Bí mo ṣe sálámà tán tí mo yíjú, ó ti bu ife kan, ó ń na ọwọ́ sórí ìkòkò.

Mo ké pé, "Mọ́níkẹ́! Oúnjẹ ni o!"

Ó ní, "Oúnjẹ bíi ti báwo? Mo ṣe bí sódà aró tuntun tí àbúrò rẹ fi ránṣẹ́ láti ìlú òyìnbó ni."

A rẹ́rìn-ín títí ẹ̀gbẹ́ fi ń dùn wá.

Mo sì ṣe kéèkì náà. A ò ní ọ́fùnù, ìyẹn kò ṣàjèjì sí ọ. Mo da iyanrìn sí ìsàlẹ̀ ìkòkò irin ńlá, mo gbé e kaná títí iyanrìn fi gbóná, mo gbé abọ́ páànù lé e, mo dé e, mo kó ẹyin iná sórí ọmọrí. Ti àkọ́kọ́ jóná nídìí, ti ẹ̀ẹ̀kejì ló dára. Gúáfà ẹ̀yìnkùlé ni mo gé sí i, àwọn tí inú wọn pọ́n. Wàrà inú agolo ni mo dà lé e, nítorí èyí tí o ní kí n lù bí òwú, kò sí ẹni tó mọ̀ ọ́n ní gbogbo Òkè-Ìlewó. Bàbá Sàlàhú jẹ mẹ́rin. Ó nu ẹnu, ó ní, "Ta ló kọ́ Bùsí ní èyí? Ṣé ilé ìwòsàn náà ni wọ́n ti ń kọ́ wọn?"

Ó fi ṣe àwàdà ni, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò kúrò létí mi. O ní kí n bu ife mẹ́rìndínlógún. Kí n tó pò ó, mo wọn ìyẹ̀fun inú páálí náà lẹ́ẹ̀mejì, ife mẹ́sàn-án péré ni. Alaró ni mí, n kì í ṣi ìwọ̀n. Mo wá jókòó, mo ṣírò ohun tí o kọ. Kéèkì tó máa tó ogójì ènìyàn ni. Àṣàkẹ́, yàrá kan ṣoṣo ni o ní o ń gbé. Ta ni o ń ṣe kéèkì ogójì ènìyàn fún, tó fi mọ́ ọ lára tó bẹ́ẹ̀ tí o ò fi mọ ìwọ̀n ti ẹni mẹ́fà mọ́?

Mo bèèrè ilé ìwòsàn tí o wà lọ́wọ́ Ìyáàfin Péjú. Ó wo ilẹ̀. Ó ní òun ń sáré.

Mo fi àdìrẹ rẹ sínú èyí. N kò fọ̀ ọ́.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Kùdírátù

*

Òháyò
Ọjọ́ kejìdínlógún oṣù Kẹwàá, 1983

Àǹtí mi,

Mo kí yín, mo kí gbogbo ilé. Àdìrẹ dé, ẹ ṣeun. Orí ìrọ̀rí mi ni mo tẹ́ ẹ sí, ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi sì ti di aró.

Ṣùgbọ́n inú mi kò dùn sí ìyókù ìwé yín. Kí ló dé tí ẹ ń wádìí mi lọ́wọ́ àlejò bí ẹni ń wádìí olè? Ẹgbẹ́ àwa akẹ́kọ̀ọ́ ni mo ṣe kéèkì náà fún. A pọ̀. Ṣé èèyàn ò lè se oúnjẹ fún ẹgbẹ́ rẹ̀ ni? Mo fi nǹkan dídùn ránṣẹ́ sílé, ẹ̀ ń fi ife wọ̀n mí.

Ẹ má bínú. Iṣẹ́ ló pọ̀ lọ́rùn mi.

Bùsírátù

*

Òwu, Abẹ́òkúta
Ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kejìlá, 1983

Bùsírátù,

A kí ọ. Ọyẹ́ ti dé, ètè gbogbo wa ti là.

O kọ ojú ìwé kan, o ò dá mi lóhùn. Èmi ni mo wẹ̀ ọ́ láti ìgbà tí Ìyá ti kú, tí o wà lọ́mọ ọdún mẹ́sàn-án. Èmi ni mo kúrò ní ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ kí n lè máa rẹ aró, kí ìwọ lè máa kàwé. N kò kábàámọ̀ rẹ̀ rí. Mo rò ó pé Ìyá kú nílé ìwòsàn nítorí kò sí ẹni tiwa tó mọ ohun tó yẹ kó bi wọ́n níbẹ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi ní nọ́ọ̀sì ni o máa jẹ́.

Gbogbo ilé yìí ló ń pè mí ní Ìyá Nọ́ọ̀sì. Bí orúkọ náà bá jẹ́ irọ́, èmi ni kí o kọ́kọ́ sọ fún, kí n má lọ gbọ́ ọ lẹ́nu ará ọjà Ìtòkú. Ṣé nọ́ọ̀sì ni ọ́, àbí ìwọ kọ́?

Kùdírátù

*

Òháyò
Ọjọ́ kọkànlá oṣù Kejì, 1984

Àǹtí mi,

Ẹ kú sùúrù mi. Ìwé yìí ti gba ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ́wọ́ mi.

Rárá. N kì í ṣe nọ́ọ̀sì. Ó ti lé ní ọdún méjì tí mo ti fi ilé ẹ̀kọ́ náà sílẹ̀. Ilé oúnjẹ ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Òyìnbó arúgbó kan tó ń jẹ́ Dórísì ló ni ín. Opó ni, ó le lẹ́nu, ó sì láàánú. Òun ló kọ́ mi ní kéèkì. Ní àkókò sitirọ́bẹ́rì, ogójì ènìyàn là ń ṣe é fún lójúmọ́. Nígbà tí mo ń kọ ìwọ̀n náà sí yín, ọwọ́ mi ló ń kọ ọ́ fúnra rẹ̀. Bí mo ṣe tú àṣírí ara mi nìyẹn.

Ẹ rántí ọjọ́ tí Ìyá kú. Wọ́n sọ fún yín pé láti àárọ̀ ni mo ti wà nílé Ìyá Abíọ́nà, aládùúgbò wa, pé mo ń sùn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ibi tí ẹ fi mí sí nílé ìwòsàn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì Ìyá, ni mo wà. Nọ́ọ̀sì kan wá, ó ní wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣiṣẹ́ abẹ fún ìyá mi, ó ní, "Má fún un lómi o, bó ti wù kó bẹ̀ ọ́ tó." Ó lọ. Ìyá lajú. Ó ní, "Àṣàkẹ́, bá mi bu omi." Mo ní, "Wọ́n ní n má fún yín." Ó tún bèèrè. Mo mi orí. Ó wò mí, ó ní, "Ìwọ náà?"

Mo sá jáde lọ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, mo fi ọwọ́ di etí mi. Nígbà tí mo padà wọlé, wọ́n ti fi aṣọ bò ó lójú. Mo wá sáré lọ sí ilé Ìyá Abíọ́nà, mo ká jọ sórí ẹní, mo ṣe bí ẹni sùn. Ìyá Abíọ́nà bá mi níbẹ̀, ó rò pé láti àárọ̀ ni mo ti wà níbẹ̀.

N kò sọ fún ẹnikẹ́ni rí. Mo rò pé bí mo bá di nọ́ọ̀sì, yóò tán lára mi. Ọjọ́ kẹta tí wọ́n mú wa wọ wọ́ọ̀dù, obìnrin arúgbó kan di apá mi mú, ó ń bèèrè omi. Ọwọ́ mi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Mo bọ́ aṣọ funfun náà sílẹ̀ nínú yàrá tí wọ́n ti ń pààrọ̀ aṣọ, mo gba ẹnu ọ̀nà jáde, n kò padà mọ́.

Ìyẹ̀fun nìkan ni mo lè fi ọwọ́ kàn tí ọwọ́ mi kì í gbọ̀n. Kò sí nǹkan ìjìnlẹ̀ kankan nínú páálí tí mo fi ránṣẹ́: fúláwà ni, àti bákìn páúdà, àti iyọ̀, àti bọ́tà tí wọ́n fi ìka rún mọ́ ọn títí ó fi rí bí gààrí. Ohun tí mo wá kọ́ ní Amẹ́ríkà nìyẹn, Àǹtí mi.

Ẹ forí jì mí.

Bùsírátù

*

Òháyò
Ọjọ́ ogún oṣù Karùn-ún, 1984

Àǹtí mi,

Mo kí yín. Oṣù mẹ́ta ti kọjá, n kò gbọ́ nǹkan kan. Bóyá ìwé mi ti sọnù. Bó bá ti sọnù, ẹ sọ fún mi, màá tún un kọ. Bí kò bá sọnù, ẹ bú mi. Ẹ fi gbogbo ojú ìwé náà bú mi.

Ẹ kí àwọn ọmọ.

Bùsírátù

*

Òháyò
Ọjọ́ kẹjọ oṣù Keje, 1984

Àǹtí mi,

Ẹ kú ọdún. Mo ṣe ìtúnu ààwẹ̀ lémi nìkan. Mo gbìyànjú àtidín mọ́sà, ṣùgbọ́n àgbàdo ibí kò ṣe é ṣe. Dórísì tọ́ ọ wò, ó ní ó dùn. Irọ́ ló ń pa.

Ṣé ẹ wà láyé?

Bùsírátù

*

Òwu, Abẹ́òkúta
Ọjọ́ kejì oṣù Kẹsàn-án, 1984

Àṣàkẹ́ mi, ọmọ ìyá mi,

Mo wà láyé. Má bínú pé mo pẹ́. Gbogbo ìwé rẹ ló dé. Ìsàlẹ̀ àpótí aṣọ ni mo kó wọn sí, tí mo ń kó aṣọ lé wọn bíi pé wọn á gbàgbé mi níbẹ̀.

Níbẹ̀rẹ̀, ìbínú ni. Mo bínú nítorí ọdún méjì irọ́, mo bínú nítorí orúkọ tí wọ́n ń pè mí. Mo ní n kò ní kọ̀wé sí ọ mọ́ láyé. Nígbà tó yá, ìbínú náà tán, ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀ sì burú jù ú lọ. Èmi ni mo fi ọ́ síbẹ̀, Àṣàkẹ́. Dókítà ní ara Ìyá yóò yá. Oníbàárà Ìyá kan ti Èkó wá, ó ń dúró de aṣọ rẹ̀ ní Ìtòkú. Mo ní, "Jókòó ti Ìyá, mo ń bọ̀." N kò bọ̀ títí oòrùn fi yẹ àtàrí. Nígbà tí Ìyá Abíọ́nà sọ fún mi pé láti àárọ̀ ni o ti wà lọ́dọ̀ òun, mo gbà á gbọ́ nítorí ó wù mí kí n gbà á gbọ́. Mo rí ojú rẹ lọ́jọ́ yẹn. Kì í ṣe ojú ọmọ tó sùn.

Mo lọ sí Òkè-Ìlewó lọ́dọ̀ Màmá Harriet, nọ́ọ̀sì àtijọ́ tó ti fẹ̀yìn tì. Mo mú aṣọ lọ bíi pé mo ń tà á. Lẹ́yìn tí wọ́n yan tiwọn tán, mo ní, "Màmá, bí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣí inú èèyàn, tó wá ń bèèrè omi, ṣé ẹ máa ń fún un?"

Wọ́n ní, "Lójú ẹsẹ̀? Èèwọ̀ ni. Omi yẹn gan-an lè pa á."

Mo ní, "Bí ọmọdé bá wà níbẹ̀, tí wọ́n ní kó má fún un, tí kò sì fún un ńkọ́?"

Wọ́n ní, "Ọmọ náà ṣe ohun tí àgbàlagbà mìíràn kì í lè ṣe. Mo ti rí ọkùnrin onírùngbọ̀n tó jí omi fún ìyàwó rẹ̀." Wọ́n wò mí. "Ta ni ọmọ náà?"

"Àbúrò mi ni, Màmá. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án."

Wọ́n ní, "Ta ló fi ọmọ ọdún mẹ́sàn-án sílẹ̀ níbẹ̀?"

Mo ní, "Èmi ni."

Wọn kò bá mi wí. Wọ́n kàn fa aga sún mọ́ mi. Mo sunkún nílé onílé bí ẹni tí Ìyá rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ kú lọ́jọ́ náà.

Nítorí náà, gbọ́ mi. Ìwọ kọ́ lo pa Ìyá. Ìwọ kọ́ lo dà á. Òùngbẹ ló ń sọ̀rọ̀ nígbà tó ní, "Ìwọ náà." Ká ní ó yè ni, òun ni ì bá kọ́kọ́ máa ròyìn rẹ kiri Òwu pé, "Ọmọ mi yìí lágídí o, omi lásán, kò fún mi!" O mọ bó ṣe máa ń sọ̀rọ̀. O mọ bó ṣe máa ń fi ọwọ́ lu itan.

Ní oṣù tó kọjá, a ṣe sàráà ọdún kejìdínlógún tí Ìyá kú. Mo dín mọ́sà, mo sì ṣe kéèkì rẹ. N kò ní páálí. Fúláwà ni mo rà, mo fi ìka rún bọ́tà mọ́ ọn títí ó fi rí bí gààrí, bí o ṣe wí. Ọ̀pẹ̀ òyìnbó ni mo gé sí i, nítorí àwọn ọmọ ti jẹ gbogbo gúáfà tán. Mọ́níkẹ́ ló bá mi ṣọ́ iná. Nígbà tí àlùfáà ṣe àdúà tán, tí oúnjẹ ti kárí, mo dìde.

Mo ní, "Ẹ̀yin ará ilé, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pè mí ní Ìyá Nọ́ọ̀sì mọ́. Bùsírátù kì í ṣe nọ́ọ̀sì. Oúnjẹ ló ń ṣe fún àwọn èèyàn, ogójì lójúmọ́. Ohun tí ẹ ń jẹ yìí, òun ló kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń ṣe é."

Mo gbọ́ ẹnì kan tó mí kanlẹ̀. Mo rò ó pé ọ̀rọ̀ ń bọ̀. Àfi Ìyá Abíọ́nà, tí ojú rẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ báyìí, ló na abọ́ rẹ̀ síwájú, ó ní, "Ṣé ó kù?"

Ẹ̀rín bú jáde. Kò kù, Àṣàkẹ́. Wọ́n jẹ ẹ́ tán pátápátá.

Mo fẹ́ kí o wálé. Má mú ìwé ẹ̀rí bọ̀, má mú ẹ̀bùn bọ̀. Wá kí Ìyá ní ìdí sàréè rẹ̀, kí èmi àti ìwọ jọ jókòó níbẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, bó bá wù ọ́ kí o padà sọ́dọ̀ Dórísì, padà. N kò ní dì ọ́ lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n kọ́kọ́ wá.

Èmi ni ẹ̀gbọ́n rẹ tó ṣẹ̀ ọ́,
Kùdírátù

*

Òháyò
Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù Kọkànlá, 1984

Àǹtí mi,

Ìdúró ni mo wà tí mo ka ìwé yín, nínú ilé ìdáná, ọwọ́ mi kún fún ìyẹ̀fun. Dórísì bi mí pé ta ló kú. Mo ní kò sí ẹni tó kú, pé ẹnì kan ti kú láti ọjọ́ pípẹ́ ni, òní ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ jẹ́ kí n sin ín. Kò yé e. Síbẹ̀, ó yí pátákó ẹnu ọ̀nà síbi tí wọ́n kọ "A ti tì" sí, ó sì bá mi jókòó.

Ẹ ò ṣẹ̀ mí. Ẹni ọdún mẹ́rìnlélógún ni yín nígbà náà, ẹ̀rù ń ba ẹ̀yin náà. N kò fẹ́ kí ẹ tún kọ ọ̀rọ̀ yẹn sí ìsàlẹ̀ ìwé mọ́.

Ọjọ́ kejìlélógún oṣù Kejìlá ni ọkọ̀ òfurufú mi á balẹ̀ sí Èkó. Kí ẹnikẹ́ni má wá pàdé mi. Mo fẹ́ wọ ọkọ̀ fúnra mi, kí n sọ̀ ní ìsàlẹ̀, kí n fi ẹsẹ̀ gun òkè Òwu lọ́sàn-án gangan, kí n máa kí èèyàn láti ojúlé dé ojúlé. Bí wọ́n bá bèèrè iṣẹ́ tí mò ń ṣe, màá sọ fún wọn.

Bí ọmọ tí wọ́n rán níṣẹ́ tó pẹ́ lọ́nà ni mo ṣe máa wọlé. Ẹ má dìde, Àǹtí mi. Bí ẹ bá wà nídìí aró, ẹ máa rẹ aṣọ yín lọ. Ẹ kàn sún díẹ̀ fún mi lórí àpótí.

Àbúrò yín,
Àṣàkẹ́